Boise State 2014: ṣé Ajayi ló gbé sáà yẹn ró, àbí ikọ̀ ló gbé Ajayi ró?

Àkànbí_Texas

Ẹ kú ojúmọ́ o, ẹ̀yin èèyàn mi. Bí a bá ti ń sọ̀rọ̀ bọ́ọ̀lù níbí, Arsenal, Chelsea àti Super Eagles ló máa ń gba gbogbo ẹnu wa. Lónìí mo fẹ́ ká yà síbòmíràn díẹ̀: bọ́ọ̀lù Amẹ́ríkà, èyí tí wọ́n ń fi ọwọ́ gbé sáré, pàápàá ti àwọn yunifásítì. Sáà kan wà níbẹ̀ tó kàn wá gbọ̀ngbọ̀n, sáà 2014 ti Boise State ní ìpínlẹ̀ Idaho. Ẹni tó gbé bọ́ọ̀lù jù fún wọn lọ́dún náà ni Jay Ajayi. London ni wọ́n bí i sí ní 1993, ọmọ Nàìjíríà làwọn òbí rẹ̀, ọ̀dọ̀ wa ní Texas níbí ló sì ti ka ilé-ẹ̀kọ́ girama.

Ẹ jẹ́ kí n kọ́kọ́ sọ bí ilé ṣe rí kí sáà náà tó bẹ̀rẹ̀. Chris Petersen, kọ́ọ̀ṣì tó sọ Boise State di ohun tí gbogbo Amẹ́ríkà ń pariwo, tó borí nínú eré 92 tó sì pàdánù 12 péré, kó lọ sí Yunifásítì Washington ní ìparí 2013. Ọdún tó fi lọ yẹn kò dùn mọ́ni nínú: wọ́n borí nínú eré 8, wọ́n pàdánù 5. Ọ̀pọ̀ ló gbà pé ògo wọn ti wọmi. Bryan Harsin ni wọ́n gbé wá, ọmọ bíbí ìlú Boise, tó ti ṣe quarterback, ẹni tí ń pín bọ́ọ̀lù, níbẹ̀ nígbà tó jẹ́ akẹ́kọ̀ọ́.

Ní 28 Oṣù Kẹjọ 2014, Ole Miss (Yunifásítì Mississippi) fi 35 sí 13 nà wọ́n ní Atlanta. Kí Oṣù Kẹsàn-án tó parí, Air Force, ikọ̀ ilé-ẹ̀kọ́ àwọn ológun òfurufú, tún fi 28 sí 14 nà wọ́n. Ibẹ̀ ni ìyà parí sí. Nínú eré mẹ́sàn-án tó kù, wọn ò pàdánù ẹyọ kan, títí wọ́n fi gba ife Mountain West, ẹgbẹ́ àwọn ikọ̀ tí wọ́n wà, tí wọ́n sì lu Arizona nínú Fiesta Bowl, ọ̀kan nínú àwọn eré ńlá ìparí ọdún, lọ́jọ́ tó kẹ́yìn ọdún.

Ajayi sáré yáàdì 1,823, ó sáré gbé touchdown 28 wọlé (ìyẹn ni pé ó gbé bọ́ọ̀lù dé òpin pápá), ó sì tún gba bọ́ọ̀lù tí wọ́n jù sí i nígbà 50 fún yáàdì 535. Ní ìpele tó ga jù nínú bọ́ọ̀lù yunifásítì, kò sẹ́ni tó ti sáré 1,800 kí ó sì tún gba 500 nínú sáà kan náà ṣáájú rẹ̀. Èrò tèmi ni pé òun ló fa ikọ̀ náà jáde nínú ọ̀fìn. Kí lẹ rí sí i?

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Ẹ̀gbọ́n Àkànbí, ẹ ṣeun. Ìbàdàn ni mo wà, bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ nìkan ni mo mọ̀ dáadáa, ṣùgbọ́n mo ti rí fídíò Ajayi yìí rí, ó sì wù mí. Ìbéèrè méjì ni mo ní. Báwo ni wọ́n ṣe ń gbá a gan-an? Èkejì, báwo ni ikọ̀ tó pàdánù eré méjì láàárín oṣù kan ṣe máa bá àwọn àgbà jẹun lórí tábìlì kan náà? Ní líìgì wa, ẹni tí àmì rẹ̀ bá pọ̀ jù ló ni ife, ó tán.

Àkànbí_Texas

Àbúrò, ìbéèrè rẹ dára. Èèyàn 11 ni ikọ̀ kọ̀ọ̀kan ń kó wọ pápá. Ìgbà mẹ́rin ni wọ́n fún ẹni tó ní bọ́ọ̀lù láti gbé e síwájú yáàdì 10. Bó bá rí i ṣe, wọ́n tún fún un ní mẹ́rin mìíràn. Bí kò bá rí i ṣe, bọ́ọ̀lù di ti ẹlòmíràn. Quarterback ló ń pín bọ́ọ̀lù: ó lè jù ú síwájú, ó sì lè fi lé ọwọ́ running back kí ó máa sáré lọ. Running back ni Ajayi. Bí o bá gbé e dé òpin pápá, touchdown nìyẹn, àmì 6, wàá sì tún láǹfààní láti fi ọ̀kan tàbí méjì kún un.

Ní ti ìbéèrè kejì, ikọ̀ 128 ló wà ní ìpele yẹn lọ́dún 2014. Eré bíi 12 péré ni ikọ̀ kọ̀ọ̀kan ń gbá kí wọ́n tó dé ìparí sáà, nítorí náà kò sí bí gbogbo wọn ṣe lè bá ara wọn pàdé. Wọ́n pín ara wọn sí ẹgbẹ́ ẹgbẹ́. Nígbà náà, márùn-ún ló lówó tó sì lágbára: SEC, Big Ten, ACC, Big 12 àti Pac-12. Márùn-ún yòókù ni wọ́n ń fojú kékeré wò, Mountain West tí Boise wà nígbà náà sì jẹ́ ọ̀kan nínú wọn. Ọdún 2014 yẹn gan-an ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ ètò tuntun: ìgbìmọ̀ kan jókòó, wọ́n yan ikọ̀ mẹ́rin pé kí wọ́n du ife àgbà. Ohio State ló gbà á. Fún àwọn ẹgbẹ́ kékeré, òfin ìgbà náà ni pé ẹni tó bá gba ife ẹgbẹ́ rẹ̀, tí ìgbìmọ̀ sì gbé ga ju àwọn ẹlẹgbẹ́ rẹ̀ lọ, gbọ́dọ̀ ní ààyè kan nínú àwọn eré ńlá ìparí ọdún. Ààyè kan ṣoṣo fún gbogbo ẹgbẹ́ márààrún! Òun ni Boise gbà, òun ló sì gbé wọn dé Fiesta Bowl.

Olóyè_Houston

Àkànbí, mo kí ọ. Mo fẹ́ràn ọmọ yẹn, mo sì máa ń fi í yangàn níwájú àwọn ọ̀rẹ́ mi aláwọ̀ funfun. Ṣùgbọ́n ohun tí o sọ pé òun ló fa ikọ̀ jáde, mi ò gbà á tán.

Ajayi kò bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ rere lẹ́yìn eré Air Force. Ó ti sáré yáàdì 1,425 ní 2013, lọ́dún tí wọ́n pàdánù márùn-ún. Bó bá jẹ́ pé òun nìkan ló ń pinnu, kí ló dé tí 2013 fi rí bẹ́ẹ̀? Ohun tó yí padà ni Grant Hedrick, quarterback wọn. Ní Atlanta, ẹ̀ẹ̀mẹ́rin ni Ole Miss já bọ́ọ̀lù gbà nínú ohun tó jù. Ikọ̀ tí ń fi bọ́ọ̀lù ṣòfò bẹ́ẹ̀, kí ni ẹni tó ń sáré fẹ́ ṣe sí i? Nígbà tí sáà fi parí, ó ju ìdá 70 nínú ọgọ́rùn-ún àwọn bọ́ọ̀lù tí Hedrick jù tó bọ́ sọ́wọ́ àwọn tirẹ̀. Ìyẹn kò kéré rárá.

Ẹ má sì gbàgbé àwọn òṣìṣẹ́ iwájú, àwọn géńdé tí ń ti àwọn ọ̀tá sẹ́yìn kí ọ̀nà lè là. Ọ̀kan nínú wọn ni Rees Odhiambo, ọmọ tí wọ́n bí ní Kenya, tí òun náà dàgbà ní Texas. Ọmọ Kenya ń lànà fún ọmọ Nàìjíríà lórí koríko búlúù ní Idaho, ta ló ń sọ ìyẹn? Orúkọ Ajayi nìkan la máa ń gbọ́.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Olóyè, ẹ jọ̀ọ́, koríko búlúù kẹ̀? Mo rò pé tẹlifíṣọ̀n mi ló bàjẹ́ lọ́jọ́ tí mo wo fídíò yẹn.

Olóyè_Houston

Búlúù ni, ọmọ mi. Láti 1986 ni wọ́n ti tẹ́ ẹ. Koríko àtọwọ́dá ni, kò sì sí ẹni tó wọ ibẹ̀ tí kò ní rántí ibi tó ti gbá bọ́ọ̀lù lọ́jọ́ náà.

Rónkẹ́_Peckham

Ẹ jẹ́ kí èmi náà dá sí i láti London. Inú mi dùn pé a ń sọ̀rọ̀ ọmọ yìí. Àwọn ọmọ wa níbí, bọ́ọ̀lù ẹlẹ́sẹ̀ ni gbogbo wọn ń lé. Òun náà bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú rẹ̀, Arsenal ló sì ń ṣe títí dòní. Ọmọ kékeré ni nígbà tí àwọn òbí rẹ̀ kó o lọ sí Amẹ́ríkà. Nígbà tí Miami Dolphins, ikọ̀ tó wà nígbà náà, wá bá New Orleans Saints gbá ní Wembley ní 1 Oṣù Kẹwàá 2017, ọjọ́ òmìnira Nàìjíríà, Ajayi wọ pápá ní ìlú tí wọ́n ti bí i. Saints nà wọ́n 20 sí 0, ṣùgbọ́n ẹ wo iye àsíá Nàìjíríà tí mo rí lọ́jọ́ yẹn!

Olóyè, mo gbọ́ tiyín. Ṣùgbọ́n ẹ wo àwọn èsì tó tẹ̀lé eré Air Force: Nevada 51 sí 46, BYU 55 sí 30, New Mexico 60 sí 49, Wyoming 63 sí 14, Utah State 50 sí 19. Ẹ wo Nevada àti New Mexico dáadáa. Ikọ̀ tó gba 46 àti 49 wọlé tó sì tún borí, àwọn tó ń dí ẹ̀yìn wọn kò ṣiṣẹ́ lọ́jọ́ náà. Àwọn tó ń kó àmì wọlé ló gbà wọ́n. Ta ló ń kó o wọlé jù? Touchdown 28 nípa sísáré, 4 nípa gbígbà, 32 lápapọ̀. Mi ò rí bí a ṣe fẹ́ yẹ̀ ẹ́ sílẹ̀.

Olóyè_Houston

Rónkẹ́, o sọ ọ́ dáadáa. Ṣùgbọ́n ìwọ náà wò ó: ta ló pinnu pé kí wọ́n máa ju bọ́ọ̀lù sí running back bẹ́ẹ̀? Harsin àti Mike Sanford ni, ẹni tó ń bá a to eré ìkọlù. Ní ọ̀pọ̀ ikọ̀, running back tó ń gba bọ́ọ̀lù 50 láfẹ́fẹ́ kì í pọ̀. Wọ́n ti rí i pé Hedrick máa ń ju bọ́ọ̀lù sọ́wọ́ ọ̀tá bó bá ń wá ẹni tó jìnnà, wọ́n sì fún un ní ẹni tó sún mọ́ ọn, tó lágbára, tí kì í já bọ́ọ̀lù sílẹ̀. Ìyẹn ni èmi ń pè ní iṣẹ́ kọ́ọ̀ṣì. Ajayi ní ẹ̀bùn, àwọn ló mọ ibi tí wọ́n máa lò ó sí.

Físíò_Abẹ́òkúta

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ jẹ́ kí n ti ojú iṣẹ́ mi wo ọ̀rọ̀ yìí, torí ìdí kan wà tí inú mi kì í fi í dùn tán bí wọ́n bá ń ka àwọn nọ́ńbà wọ̀nyẹn.

Ní 2011, ọdún tó kọ́kọ́ dé Boise, ìṣan ACL orókún rẹ̀ já. Ìṣan yìí ló wà láàárín orókún gan-an, òun ló so egungun itan mọ́ egungun ojúgun, kí orókún má bàa yẹ̀ bí èèyàn bá yí padà lójijì. Iṣẹ́ running back kò ju yíyí padà lójijì lọ. Wọ́n ṣiṣẹ́ abẹ fún un, kò gbá bọ́ọ̀lù rárá lọ́dún náà. Ó padà wá, Ọlọ́run ṣe é. Ṣùgbọ́n orókún tó ti já rí kì í ṣe orókún tí kò já rí.

Nísinsìnyí, ẹ ṣírò rẹ̀. Ní 2014, ó gbé bọ́ọ̀lù sáré nígbà 347. Ẹ fi 50 tó gbà láfẹ́fẹ́ kún un: 397 nínú eré 14. Ní ọ̀pọ̀ jù nínú rẹ̀, ó kéré tán ẹnì kan á gbé gbogbo ara rẹ̀ lù ú, nígbà mìíràn ẹni mẹ́ta. Nígbà tí àwọn ikọ̀ NFL, líìgì àwọn tó ń gbá a gẹ́gẹ́ bí iṣẹ́, fẹ́ yan eléré láti yunifásítì ní 2015, ìròyìn tó gbòde ni pé wọ́n ń bẹ̀rù pé orókún yẹn kò ní pẹ́. Ẹni 149 ni ó bọ́ sí. Lọ́dún náà kan náà, Todd Gurley ti Georgia, tí ACL rẹ̀ ṣẹ̀ṣẹ̀ já ní Oṣù Kọkànlá, ni wọ́n yàn ṣìkẹwàá! Ìdí ni pé èyí tó ṣẹ̀ṣẹ̀ já, wọ́n gbà pé á jinná. Èyí tó ti já tipẹ́, tí wọ́n wá ń lò lálòkù, ìyẹn ló ń bà wọ́n lẹ́rù.

Ìyá_Dámi

Físíò, ibi tó ń dùn mí lo fọwọ́ kàn yẹn. Maryland ni mò ń gbé. Ọmọ mi ọkùnrin ń gbá bọ́ọ̀lù yìí nílé-ẹ̀kọ́ girama, àwọn kọ́ọ̀ṣì yunifásítì sì ti ń pè wá. Bàbá rẹ̀ ń yọ̀, èmi ò tíì lè yọ̀ tán.

Ẹ dáhùn èyí fún mi. Ìgbà 397 tí ọmọ yẹn gbé bọ́ọ̀lù, kí ni wọ́n san fún un? Owó ilé-ẹ̀kọ́, oúnjẹ àti ibùgbé ni. Ní 2014, òfin kò gbà kí akẹ́kọ̀ọ́ gba kọ́bọ̀ lórí orúkọ ara rẹ̀. Oṣù Keje 2021 ni wọ́n tó ṣí ilẹ̀kùn yẹn, Ajayi sì ti kúrò níbẹ̀ tipẹ́. Yunifásítì tó bá lọ sí Fiesta Bowl ń gbowó, kọ́ọ̀ṣì ń gbowó, tẹlifíṣọ̀n ń gbowó. Ẹni tó ni orókún ńkọ́?

Àkànbí_Texas

Ìyá Dámi, ẹ ò purọ́. Ohun kan tí mo fẹ́ fi kún un ni pé Ajayi mọ̀. Ó ṣì ní ọdún kan sí i tó lè fi gbá bọ́ọ̀lù ní Boise, kò dúró gbà á. Lẹ́yìn Fiesta Bowl, ó lọ. Àwọn kan bínú sí i nígbà náà. Èmi rò pé ìpinnu tó gbọ́n jù tó ṣe nìyẹn. Orókún tí wọ́n ti ń ṣiyè méjì sí, ẹ ò lè tún gbé ọdún kan lé e lórí lọ́fẹ̀ẹ́.

Ó sì já wọn ní koro, àwọn tó rò pé ó ti tán. Ní 2016, ó sáré ju yáàdì 200 lọ nínú eré kan ṣoṣo, ẹ̀ẹ̀mẹta lọ́dún kan náà, fún Miami. Ní Oṣù Kejì 2018, ó gba ife Super Bowl, ife àgbà NFL, pẹ̀lú Philadelphia Eagles, wọ́n fi 41 sí 33 lu New England.

Físíò_Abẹ́òkúta

Lóòótọ́ ni, Àkànbí. Ní Oṣù Kẹwàá ọdún 2018 kan náà, ACL tún já. Ọmọ ọdún 25 ni. Ohun tí mò ń sọ nìyẹn.

Ọmọ_Mọ́kọ́lá

Ẹ̀yin àgbà, ọ̀rọ̀ yìí wọ̀ mí lára. Ṣùgbọ́n ẹ jọ̀ọ́, ẹ sọ ti Fiesta Bowl fún mi. Mo wo díẹ̀ nínú rẹ̀ lálẹ́ àná, mo rí ibi tí quarterback ti ṣe bí ẹni tó fẹ́ ju bọ́ọ̀lù, ọwọ́ rẹ̀ sì ṣófo. Mi ò mọ ibi tí bọ́ọ̀lù wọlẹ̀ sí!

Àkànbí_Texas

Ìyẹn ni mo ti ń dúró de ẹni tó máa béèrè! Statue of Liberty ni wọ́n ń pe ète yẹn. Quarterback á gbé ọwọ́ ọ̀tún sókè bí ère tó wà ní New York, gbogbo ojú á máa wo ọwọ́ òkè, ọwọ́ òsì á sì ti gba ẹ̀yìn fi bọ́ọ̀lù lé ẹni tó ń sáré kọjá.

Ìtàn rẹ̀ pẹ́ ní Boise. Ní 1 Oṣù Kìíní 2007, wọ́n bá Oklahoma pàdé nínú Fiesta Bowl, ikọ̀ tí gbogbo ayé gbà pé yóò jẹ wọ́n ní tútù. Eré wọ àfikún àkókò, Oklahoma fi 42 sí 41 ṣíwájú. Àmì kan péré ni wọ́n nílò kí wọ́n fi bá wọn dọ́gba. Wọ́n ní àwọn ò fẹ́ ọ̀kan, méjì làwọn fẹ́ kí ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀. Jared Zabransky gbé ọwọ́ sókè, ó gba ẹ̀yìn fún Ian Johnson, Johnson sáré wọlé: 43 sí 42. Kò tíì kúrò lórí pápá tó fi kúnlẹ̀ níwájú olólùfẹ́ rẹ̀, ó ní kí ó fẹ́ òun, gbogbo Amẹ́ríkà ń wò ó. Ta ló ń to eré ìkọlù fún wọn lọ́dún yẹn? Bryan Harsin.

Nítorí náà, nígbà tó padà dé Fiesta Bowl ní 31 Oṣù Kejìlá 2014 gẹ́gẹ́ bí ọ̀gá àgbà, ó ti mọ ohun tó wà nínú àpò rẹ̀. Arizona kì í ṣe ikọ̀ yẹpẹrẹ o. Wọ́n ti lu Oregon nílé Oregon lọ́dún náà, Scooby Wright sì wà lọ́dọ̀ wọn, ọ̀kan nínú àwọn tó ń dáàbò bo ẹ̀yìn jù ní gbogbo ilẹ̀ náà. Eré ò tíì gbóná tí Ajayi fi sáré yáàdì 56 wọlé. Lẹ́yìn náà ni Hedrick gbé ọwọ́ sókè, Ajayi gba bọ́ọ̀lù lẹ́yìn rẹ̀, yáàdì 16, ó wọlé. Ó di 21 sí 0! Gbogbo ẹni tó rántí 2007 dìde lórí ìjókòó. Yáàdì 134 àti touchdown mẹ́ta ni Ajayi kó lọ sílé.

Olóyè_Houston

Parí ìtàn rẹ̀ fún ọmọdé yẹn, Àkànbí, torí ibi tí ọ̀rọ̀ mi wà ni o ń fò. Thomas Sperbeck gba bọ́ọ̀lù Hedrick nígbà 12 lọ́jọ́ náà fún yáàdì 199. Arizona sì ń lé wọn bọ̀ díẹ̀díẹ̀, títí ó fi di 38 sí 30. Ní ìṣẹ́jú àáyá tó kẹ́yìn, Arizona wà ní yáàdì 10 sí òpin pápá Boise, touchdown kan àti àmì méjì á sọ ọ́ di ọ̀mì. Ajayi kò sí lórí pápá, kò lè sí níbẹ̀. Kamalei Correa, ọmọ Hawaii, ló já wọlé, tó wó quarterback Arizona mọ́lẹ̀, àkókò sì tán. Bí Correa bá pẹ́ díẹ̀ síi, bóyá orí ọ̀rọ̀ mìíràn là bá wà lónìí.

Rónkẹ́_Peckham

Olóyè, ti Correa yẹn, mo gbà á fún yín. Ó tọ́ sí i.

Nǹkan kan ṣì ń bí mi nínú o. Ẹni tó ṣe ohun tí ẹnì kankan kò ṣe rí, kí ló dé tí wọn kò pè é síbi àmì-ẹ̀yẹ Heisman, ti eléré yunifásítì tó dára jù lọ́dún?

Olóyè_Houston

Melvin Gordon ti Wisconsin sáré yáàdì 2,587 lọ́dún náà, Tevin Coleman ti Indiana sì kọjá 2,000. Marcus Mariota ti Oregon ló gbà á. Ọdún líle ni. Ṣùgbọ́n ìdí mìíràn wà. Alẹ́ ni Boise sábà máa ń gbá bọ́ọ̀lù, wákàtí méjì sì ni àkókò wọn fi wà lẹ́yìn New York. Ọ̀pọ̀ àwọn tó ń dìbò ti sùn. Àti pé wọ́n gbà pé àwọn tí Mountain West ń bá gbá kò lágbára. Wo Marshall lọ́dún yẹn kan náà: wọn ò pàdánù kankan títí di 28 Oṣù Kọkànlá tí Western Kentucky fi 67 sí 66 lù wọ́n, síbẹ̀ ìgbìmọ̀ ò gbé wọn ga. Ọmọ ẹgbẹ́ kékeré gbọ́dọ̀ ṣe ìlọ́po méjì kí wọ́n tó rí i. Àwa tí a wá sí ilẹ̀ yìí pẹ̀lú ìwé ẹ̀rí láti ilé, a mọ bó ṣe rí.

Ìyá_Dámi

Mo ti ka gbogbo rẹ̀. Ẹ ṣeun, ẹ̀yin ará. Kọ́ọ̀ṣì kan ń bọ̀ nílé wa lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Mo ti kọ ohun tí mo fẹ́ béèrè sílẹ̀. Mo fẹ́ mọ iye ìgbà tí wọ́n máa ń gbé bọ́ọ̀lù fún ẹnì kan nínú eré kan. Mo fẹ́ mọ dókítà tó máa sọ pé ó ti jinná, bóyá ikọ̀ ló ń san owó rẹ̀. Mo sì fẹ́ mọ̀ bóyá owó ilé-ẹ̀kọ́ á ṣì máa wọlé bí ó bá ṣèṣe tí kò lè gbá bọ́ọ̀lù mọ́. Àkànbí, kí ló kù?

Àkànbí_Texas

Ẹ béèrè iye àwọn tó bá a gbá bọ́ọ̀lù tó gboyè jáde nínú àwọn tí kò dé NFL. Kí ó dárúkọ wọn fún yín, kí ẹ sì pè wọ́n fúnra yín.

Físíò_Abẹ́òkúta

Kí wọ́n sì kọ ti owó ilé-ẹ̀kọ́ yẹn sínú ìwé, ìyá. Ẹ má gba ti ẹnu. Bí ìwé náà bá dé, ẹ fi ránṣẹ́ sí mi níkọ̀kọ̀, màá bá yín ka apá tó jẹ mọ́ ìtọ́jú.